Orlando Martins, Ọmọ Èkó Nínú Fíìmù Òyìnbó: Kí Ni A Lè Rí Kọ́ Lára Rẹ̀?



Nínú ẹ̀kọ́ Yorùbá, wọ́n ti kọ́ wa ní ohun tí a ń pè ní ìfìwàwẹ̀dá, ìyẹn bí òǹkọ̀wé ṣe ń fi ìwà wọ ẹ̀dá ìtàn. Inú ìwé nìkan la sì máa ń wá a sí. Lọ́sẹ̀ yìí, mo fẹ́ ká gbé e kúrò nínú ìwé lọ sínú fíìmù, nítorí pé nínú fíìmù, òǹkọ̀wé nìkan kọ́ ló ń fi ìwà wọ ẹ̀dá ìtàn. Òṣèré náà ń fi tirẹ̀ kún un. Ẹni tí a máa fi ṣe àpẹẹrẹ ni Orlando Martins.

Ó ṣeé ṣe kí ọ̀pọ̀ nínú wa má tíì gbọ́ orúkọ yẹn rí. Tí wọ́n bá ní ká dárúkọ àwọn àgbà òṣèré ilẹ̀ Yorùbá, Hubert Ògúńdé, Dúró Ládiípọ̀, Adé Love àti Bàbá Sàlá ló máa kọ́kọ́ wá sí wa lẹ́nu. Ó tọ́ bẹ́ẹ̀. Ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ ká ṣe ìṣirò díẹ̀. Àjàní Ògún, tí í ṣe fíìmù elédè Yorùbá àkọ́kọ́, jáde ní 1976. Ní 1926, ìyẹn 50 ọdún gbáko ṣáájú, ọmọ Èkó yìí ti wà nínú fíìmù ní London.

Bí a ṣe ń kà á lọ, ẹ jẹ́ ká fi ìbéèrè kan sọ́kàn: tí wọ́n bá gbé ipa kékeré lé òṣèré lọ́wọ́, tàbí ipa tó ń bu àwọn èèyàn rẹ̀ kù, kí ló lè fi ṣe?

TA NI ORLANDO MARTINS?

Èkó ni wọ́n bí i sí, ní oṣù Kejìlá ọdún 1899. Ẹni tó bá mọ Ìsàlẹ̀ Èkó dáadáa, orúkọ Martins yẹn á ti sọ fún un pé ìdílé Àgùdà ló ti wá. Àgùdà ni àwọn tí wọ́n kó àwọn baba ńlá wọn lẹ́rú lọ sí Brazil, tí wọ́n wá padà sí Èkó lẹ́yìn tí wọ́n gba òmìnira. Wọ́n mú orúkọ Potogí bọ̀, wọ́n mú iṣẹ́ bíríkìlà àti káfíńtà bọ̀, wọ́n sì mú eré Kàrétà bọ̀. Nítorí náà, kí a tó bí Orlando ni eré àti aṣọ eré ti wà láàárín àwọn èèyàn rẹ̀.

Ó wọ Eko Boys' High School ní 1913, ṣùgbọ́n kò parí ẹ̀kọ́ rẹ̀ níbẹ̀. Ó ṣiṣẹ́ akọ̀wé owó díẹ̀ ní Èkó. Ní 1919, nígbà tí Ogun Àgbáyé Kìíní ti kásẹ̀ nílẹ̀, ó ti dé London.

IṢẸ́ TÓ ṢE KÓ TÓ DI ÒṢÈRÉ

Kò sí ẹni tó gbé kámẹ́rà dúró dè é ní London o. Ó ṣe alábàárù ní ọjà ẹja Billingsgate. Ó ṣọ́dẹ lóru. Ó ṣiṣẹ́ ní ilé ìdáná. Ó bá ẹgbẹ́ sákọ́ọ̀sì kiri, ó ń fi ejò ṣeré fún èrò ìwòran. Ó tún ja ìjàkadì fún owó, orúkọ tó sì ń jẹ́ nídìí ìjàkadì ni Black Butcher Johnson, ìyẹn Johnson Alápatà Dúdú.

Ẹ wo orúkọ yẹn dáadáa. Kò tíì dé iwájú kámẹ́rà rárá tí wọ́n ti ń ta àwọ̀ rẹ̀ àti ìtóbi rẹ̀ bí ọjà. Kí ẹ̀rù lè ba èrò ìwòran ni wọ́n fi sọ ọ́ ní alápatà. Ẹ fi èyí pamọ́ ná, a máa padà sí i.

Ohun tí àwa ń pè ní waka-pass lónìí ló fi bẹ̀rẹ̀ eré. Ó bá ẹgbẹ́ oníjó Rọ́ṣíà ti Diaghilev dúró lẹ́yìn lórí ìtàgé. Ní 1926 ó wà nínú fíìmù If Youth But Knew. Fíìmù aláìfọhùn ni wọ́n ń ṣe nígbà náà: àwòrán ń rìn, ẹnu ń mì, ṣùgbọ́n ẹ ò ní gbọ́ nǹkan kan. Ìgbà tí The Jazz Singer jáde ní Amẹ́ríkà ní 1927 ni ọ̀rọ̀ ẹnu tó bẹ̀rẹ̀ sí í wọ inú fíìmù gbajúmọ̀. Èyí ṣe Martins láǹfààní, nítorí pé ó ga, ó síngbọnlẹ̀, ohùn rẹ̀ sì rinlẹ̀ gan-an. Ó tilẹ̀ kọrin nínú eré olórin Show Boat kí ọdún 1920 sí 1929 tó tán.

FÍÌMÙ KAN, ERÉ KAN, ỌDÚN KAN LÁÀÁRÍN WỌN

Ní 1935, wọ́n gbé fíìmù kan jáde tó ń jẹ́ Sanders of the River. Zoltan Korda ló darí rẹ̀. Ìtàn ajẹ́lẹ̀ òyìnbó kan ni, tó ń ṣàkóso àwọn èèyàn etí odò. Ẹ mọ ibi tí wọ́n ní ìtàn náà ti ṣẹlẹ̀? Nàìjíríà tiwa yìí ni! Paul Robeson, olórin àti òṣèré aláwọ̀ dúdú tó lókìkí jù lọ nígbà náà, ló ṣe Bosambo. Jomo Kenyatta, ẹni tó padà di ààrẹ àkọ́kọ́ ní Kẹ́ńyà, wà láàárín àwọn tó dúró lẹ́yìn. Orlando Martins náà ní ipa kékeré nínú rẹ̀.

Kí ni ahunpọ̀ ìtàn náà? Nígbà tí ajẹ́lẹ̀ bá wà nílé, ìlú á tòrò. Nígbà tó lọ fún ìsinmi, ogun bẹ́ sílẹ̀. Nígbà tó dé, ohun gbogbo tún tòrò. Ohun tí fíìmù yẹn ń sọ láìfi bò ni pé ọmọdé ni àwa èèyàn dúdú, bí bàbá ò bá sí nílé, a ó pa ara wa. Robeson fúnra rẹ̀ padà kẹ̀yìn sí fíìmù yìí nítorí pé ó gbé ìjọba amúnisìn ga.

Ẹ wá wo ọdún tó tẹ̀ lé e. Ní oṣù Kẹta ọdún 1936, Robeson àti Martins tún jọ ṣeré, lórí ìtàgé Westminster Theatre ní London. C.L.R. James, ọmọ Trinidad, ló kọ eré yìí, orúkọ rẹ̀ ni Toussaint L'Ouverture. Ìtàn àwọn ẹrú Hàítì ni, tí wọ́n dìde sí àwọn ọ̀gá wọn ní 1791. Robeson ṣe Toussaint. Martins ṣe Boukman, ọkùnrin tó pe àwọn ẹrú jọ lóru pé kí wọ́n dìde.

Àwọn òṣèré kan náà, ìlú kan náà, kò tó ọdún kan àti ààbọ̀ láàárín wọn. Nínú ti àkọ́kọ́, èèyàn dúdú nílò bàbá. Nínú ti èkejì, ó já ṣẹ́kẹ́ṣẹkẹ̀ fúnra rẹ̀. Kí ló yàtọ̀? Ẹni tó mú gègé dání ni. Òṣèré kò yí padà, òǹkọ̀wé ló yí padà. Ẹ̀kọ́ kìíní nìyẹn: tí ẹ bá ń wo fíìmù, ẹ máa béèrè ta ló kọ ọ́, kí ẹ tó dá òṣèré lẹ́bi.

MAGOLE, 1946

Nínú Men of Two Worlds, tí Thorold Dickinson darí, Martins rí ipa ńlá gbà wàyí. Tanganyika, tó di apá kan Tanzania lónìí, ni ibùdó ìtàn. Kisenga, ọmọ ibẹ̀, ti lo 15 ọdún ní London, ó di ògbóǹtarìgì nínú dùùrù títẹ̀. Ó padà sílé láti bá ìjọba rọ àwọn èèyàn rẹ̀ pé kí wọ́n ṣí kúrò níbi tí eṣinṣin tsetse ti ń fún wọn ní àrùn oorun. Magole, oníṣègùn ìlú, ta kò ó. Robert Adams ló ṣe Kisenga, Martins ló ṣe Magole.

Ọ̀tá ni ìwé eré fẹ́ kí a ka Magole sí. Ẹni òkùnkùn tó ń dènà ìmọ́lẹ̀ òyìnbó, ìyẹn ti di àṣà wọn. Ṣùgbọ́n ẹ gbọ́ ibi tí iṣẹ́ òṣèré wà. Nínú ìtàn náà, Kisenga tó kàwé, tó gbé London, dùbúlẹ̀ àìsàn, ó fẹ́rẹ̀ẹ́ kú, nítorí pé ẹ̀rù Magole ṣì wà nínú ẹ̀jẹ̀ rẹ̀. Tí Martins bá ṣe Magole bí aláwàdà, tó ń yí ojú, tó ń fò sókè fò sódò, ta ló máa gbà pé irú rẹ̀ lè dá ọ̀mọ̀wé dùbúlẹ̀? Ìtàn náà á wó lulẹ̀. Ó di dandan kí Magole ní ìwọ̀n, kí ó ní iyì. Fíìmù yẹn kò lè ṣe é kó má gbé oníṣègùn tó fẹ́ bú sórí àga gíga, Martins ló sì jókòó lórí àga náà.

BLOSSOM, 1949

Ibi tí mo ń bọ̀ gan-an nìyí. Fíìmù náà ni The Hasty Heart. Martins ti kọ́kọ́ ṣe é lórí ìtàgé ní London ní 1945 kí wọ́n tó sọ ọ́ di fíìmù. Vincent Sherman ló darí fíìmù náà. Àwọn tó bá a ṣeré ni Richard Todd, Patricia Neal àti Ronald Reagan. Bẹ́ẹ̀ ni, Reagan yẹn náà ni, ẹni tó di ààrẹ Amẹ́ríkà ní 1981.

Ilé ìwòsàn àwọn ológun ní Bọ́mà ni ibùdó ìtàn, ní ìparí Ogun Àgbáyé Kejì. Ẹ rántí pé ọ̀pọ̀ ọmọ Nàìjíríà ló ja ogun Bọ́mà, nínú ẹgbẹ́ ọmọ ogun 81 àti 82 ti Ìwọ̀ Oòrùn Áfíríkà. Ó ṣeé ṣe kí ẹnìkan nínú yín ní bàbá àgbà tàbí bàbá ńlá tó lọ. Nínú wọ́ọ̀dù yìí, àwọn ológun láti oríṣiríṣi ìlú ló dùbúlẹ̀. Martins ṣe Blossom, ọmọ ogun ilẹ̀ Áfíríkà kan tí kò gbọ́ Gẹ̀ẹ́sì.

Wọ́n gbé ọmọ Scotland kan wọlé, Lachie lorúkọ rẹ̀. Ìgbéraga rẹ̀ pọ̀, kò fẹ́ ọ̀rẹ́, kò fẹ́ kí ẹnikẹ́ni ṣe é lóore. Ohun tí kò mọ̀ ni pé kíndìnrín kan ṣoṣo tó kù sí i lára ti fẹ́ dákẹ́, ọ̀sẹ̀ díẹ̀ ló kù fún un láyé. Dókítà sọ fún àwọn yòókù, ó ní kí wọ́n fà á mọ́ra. Wọ́n ṣe bẹ́ẹ̀. Díẹ̀díẹ̀, ọkàn rẹ̀ rọ̀. Àfi ìgbà tí àṣírí tú. Lachie gbọ́ pé òun ń kú lọ, ó ní áà, àánú ni gbogbo yín ń ṣe mi, ẹ ò fẹ́ràn mi. Ó bínú sí gbogbo wọn, ó ní ilé ni òun ń lọ.

Ibẹ̀ ni Blossom ti dìde, tó mú ìlẹ̀kẹ̀ tó fẹ́ fi ta á lọ́rẹ, tó nawọ́ rẹ̀ sí i. Lachie kọ̀ ọ́. Ṣùgbọ́n nígbà tó yé e pé Blossom kò gbọ́ Gẹ̀ẹ́sì, ọ̀rọ̀ yí padà. Ẹni tí kò gbọ́ èdè, báwo ló ṣe lè gbọ́ pé dókítà ní Lachie ń kú lọ? Kò mọ̀. Nítorí náà, ìlẹ̀kẹ̀ yẹn kì í ṣe ti àánú. Ìfẹ́ lásán ni. Ohun tó fọ́ ọkàn líle Lachie nìyẹn, tó fi dúró ti àwọn ọ̀rẹ́ rẹ̀.

Ẹ̀yin ẹgbẹ́ mi, ẹ kà á lẹ́ẹ̀kan sí i. Nínú gbogbo wọ́ọ̀dù yẹn, àwọn tó ń sọ̀rọ̀ pọ̀ lọ jàra. Richard Todd ni wọ́n tìtorí fíìmù yìí dárúkọ rẹ̀ fún àmì ẹ̀yẹ Oscar. Ṣùgbọ́n ẹni tí kò gbọ́ èdè wọn ni gbogbo ìtàn náà yí lé lórí. Tí ẹ bá yọ Blossom kúrò, kò sí ohun tó máa fi han Lachie pé wọ́n fẹ́ràn rẹ̀ lóòótọ́.

Kí ni òṣèré ní tí wọn ò bá fún un ní ọ̀rọ̀ sọ? Ó ní nǹkan mẹ́ta: ojú rẹ̀, ara rẹ̀, àti bó ṣe ń gbọ́ ọ̀rọ̀ ẹlòmíì. Blossom gbọ́dọ̀ jókòó láàárín ọ̀rọ̀ tí kò yé e, kó sì mú wa gbà pé ó ń rí ohun tí àwọn tó gbọ́ èdè kò rí. Kò rọrùn o. Ẹ gbìyànjú rẹ̀: ẹ jókòó ìṣẹ́jú márùn-ún láìsọ̀rọ̀, kí àwọn tó ń wò yín má fi ojú kúrò lára yín. Àwọn àgbà ní bí a bá gúnyán nínú ewé, tí a se ọbẹ̀ nínú èèpo ẹ̀pà, ẹni tó máa yó á yó. Inú èèpo ẹ̀pà ni Martins ti se ọbẹ̀ yẹn, a sì yó.

ILÉ LÀBỌ̀ ÌSINMI OKO

N kò ní pẹ́ lórí ọdún 1950 síwájú. Ó ṣe Where No Vultures Fly ní 1951, West of Zanzibar ní 1954 àti Simba ní 1955. Ó bá Audrey Hepburn ṣe The Nun's Story ní 1959. Fíìmù pọ̀, ṣùgbọ́n ipa ò fi bẹ́ẹ̀ yàtọ̀ síra: olórí abúlé, amọ̀nà, ọmọ ọ̀dọ̀. Òyìnbó ni olú ẹ̀dá ìtàn nígbà gbogbo.

Ní 1959 ó padà sí Èkó, lẹ́yìn 40 ọdún. Kò tíì fi eré sílẹ̀. Ní 1970, nígbà tó ti tó 70 ọdún, ó wà nínú Kongi's Harvest, tí wọ́n mú jáde láti inú eré Wọlé Ṣóyínká. Nàìjíríà ni wọ́n ti ya á, Ossie Davis ló darí rẹ̀, Ṣóyínká fúnra rẹ̀ ló ṣe Kongi. Lẹ́yìn ìyẹn, ó ṣe Obierika nínú fíìmù tí wọ́n mú jáde láti inú ìwé Chinua Achebe, Things Fall Apart àti No Longer at Ease.

Ẹ̀yin tí ẹ ń ṣe Literature, ẹ máa rántí Obierika. Ọ̀rẹ́ Okonkwo ni, ẹni tó máa ń ro nǹkan jinlẹ̀. Ní ìparí ìwé Achebe, òun ló kọjú sí ajẹ́lẹ̀ òyìnbó, tó fi ìbínú sọ ohun tí wọ́n ti sọ ọ̀rẹ́ òun dà. Ẹ wá so ó pọ̀: ọkùnrin tó ní ipa kékeré nínú fíìmù ajẹ́lẹ̀ ti 1935 ni wọ́n wá fún ní ipa ẹni tó bá ajẹ́lẹ̀ wí nínú ìwé ọmọ Nàìjíríà. Gègé ti bọ́ sí ọwọ́ wa nìyẹn.

Ó kú ní Èkó ní oṣù Kẹsàn-án ọdún 1985, ní ẹni 85 ọdún.

ṢÉ Ó JẸ̀BI?

Àwọn kan máa sọ pé kò yẹ kó gba irú ipa wọ̀nyẹn rárá. Wọ́n á ní ó fi ara rẹ̀ ṣe ohun tí òyìnbó fi ń rí wa bí ẹni tí kò lajú. Ọ̀rọ̀ wọn ní ìtumọ̀. Robeson sáà kẹ̀yìn sí Sanders.

Ṣùgbọ́n Robeson lókìkí, wọ́n ń bẹ̀ ẹ́ kó wá kọrin káàkiri ayé. Martins ti ru ẹja rí. Tó bá kọ ipa, ẹlòmíì á gbà á lọ́la, ó sì ṣeé ṣe kí ẹni yẹn ṣe é bí aláwàdà. Èrò tèmi ni pé òun nìkan kọ́ ló yẹ ká máa fi ìbéèrè yẹn bi. Ó yẹ ká fi bi àwọn tó kọ ìwé eré àti àwọn tó sanwó. Ó sì yẹ ká fi bi ara wa.

Ẹ ẹ̀ rí i, àwa náà ń kọ eré níléèwé, fún Ọjọ́ Àṣà àti ìparí táàmù. Ta ni máígádì nínú eré wa? Mọ̀lá tó ń sọ Yorùbá wọ́nganwọ̀ngan ni. Ta ni ọmọ ọ̀dọ̀? Ègùn tàbí Àgànyìn tí kò gbọ́n ni. Gbogbo wa á rẹ́rìn-ín. Ṣùgbọ́n ọmọ Hausa àti ọmọ Ègùn wà ní kíláàsì wa, wọ́n jókòó sáàárín èrò ìwòran. Ohun tí àwọn tó kọ Sanders ṣe fún wa ní 1935 ni àwa náà ń ṣe fún wọn. Gègé wà lọ́wọ́ wa, ìyẹn nìkan kò sọ wá di ẹni rere. Tí máígádì bá máa wà nínú eré, ẹ jẹ́ kó ní ìyàwó tó ń ránṣẹ́ sí, kó ní ohun tó ń wá láyé, kó ní ìlẹ̀kẹ̀ tirẹ̀ tó fẹ́ fún ẹnìkan.

OHUN TÍ A LÈ MÚ LÒ

Fún ẹni tí wọ́n bá fún ní ipa kékeré:

1. Béèrè ohun tí ẹ̀dá ìtàn rẹ ń wá. Kódà ẹni tó gbé omi wọlé ní ìdí tó fi gbé e.
2. Béèrè ohun tó máa bàjẹ́ nínú ìtàn náà tí wọ́n bá yọ ọ́ kúrò. Tí o bá rí i, dì í mú.
3. Gbọ́ ọ̀rọ̀ àwọn tó ń sọ̀rọ̀. Má kàn dúró máa ka èrò.
4. Tí ipa náà bá ń bu ẹnìkan kù, bá ẹni tó kọ ọ́ sọ̀rọ̀ nígbà ìdánrawò, má dúró dìgbà tí eré bá bẹ̀rẹ̀.

Ìbéèrè fún ìjíròrò: (a) Ká ní ìwọ ni Martins ní 1935, tí wọ́n fún ẹ ní ipa nínú Sanders, ṣé o máa gbà á àbí o ò ní gbà á? Sọ ìdí. (b) Mú ẹ̀dá ìtàn kékeré kan nínú ìwé tí à ń kà ní táàmù yìí, kí o sọ ohun tí ìtàn náà máa pàdánù tí kò bá sí níbẹ̀.

Ẹ kọ ìdáhùn yín, ẹ jù ú sínú àpótí Ẹgbẹ́ Oníròyìn kó tó di ọjọ́ Ẹtì. Èyí tó bá dára jù, a máa lẹ̀ ẹ́ mọ́ pátákó yìí lọ́sẹ̀ tó ń bọ̀.